Pẹ̀rẹ̀gún Ẹ̀yìnkùlé Wa

Ọmọ mi obìnrin ló dá gbogbo rẹ̀ sílẹ̀. Ó ń gbé ní Pólándì pẹ̀lú ọkọ rẹ̀, ní abúlé kékeré kan tí òun fúnra rẹ̀ ò lè pe orúkọ rẹ̀ kó já geere. Lọ́jọ́ kan ó fi fọ́tò ránṣẹ́ sí mi lórí fóònù: pátákó gbọọrọ kan níwájú ṣọ́ọ̀ṣì, tí wọ́n kọ ìtàn abúlé náà sí. Ó túmọ̀ rẹ̀ fún mi. Ẹni tó kọ́kọ́ tẹ ibẹ̀ dó, ìgbà tí wọ́n kọ́ ṣọ́ọ̀ṣì, ibi tí ẹ̀rọ ìlọkà wà kó tó jóná, igi tí àwọn àgbà máa ń jókòó sábẹ́ rẹ̀, òkúta tó pààlà sáàárín wọn àti abúlé kejì. Ohun tó kọ́kọ́ jáde lẹ́nu mi ni pé, "Ta ni wọ́n ń bá ṣẹjọ́?"

Ó rẹ́rìn-ín títí. Ó ní wọn ò bá ẹnikẹ́ni ṣẹjọ́, pé wọ́n kàn kọ ọ́ kí àlejò lè rí i kà ni. Mi ò gbà á gbọ́. Ó lé lọ́gbọ̀n ọdún tí mo fi ṣe iṣẹ́ tíṣà, mo sì ti dúró lẹ́yìn ọmọ tó ń ṣe ìdánwò débi pé ẹ̀yìn ọrùn lásán ni mo fi ń mọ ẹni tó ń jí ìwé wò. Lójú tèmi, kò sẹ́ni tó ń kọ nǹkan sílẹ̀ lásán. Síbẹ̀, fọ́tò yẹn ò kúrò lọ́kàn mi.

Abúlé wa wà láàárín Mówè àti Ìbàfo, téèyàn bá yà kúrò lójú ọ̀nà márosẹ̀ tó sì rìn wọnú díẹ̀. Nígbà tí mo wà ní kékeré, ilé tó wà níbẹ̀ ò ju ogún lọ. Ní báyìí, ẹ́sítéètì ti yí wa ká, ògiri níhìn-ín, géètì lọ́hùn-ún. Àwọn tó ń gbé inú wọn á ti forí lé Èkó kí oòrùn tó yọ, wọn ò mọ̀ wá, àwa náà ò mọ̀ wọ́n. Máàpù orí fóònù ò tiẹ̀ pe orúkọ wa mọ́, orúkọ ẹ́sítéètì ló ń pè wá. Èyí bí mi nínú gan-an. Mo ní táwọn ará Pólándì bá lè gbé pátákó kalẹ̀ nítorí ẹ̀rọ ìlọkà tó ti jóná, àwa náà á kọ tiwa.

Baálẹ̀ wa, tó jẹ́ àbúrò bàbá mi, kì í tètè yọ̀ sí nǹkan. Nígbà tí mo sọ fún un pé mo fẹ́ kọ ìtàn abúlé wa àtàwọn ibi tó yẹ kéèyàn mọ̀ níbẹ̀, mo rò pé á ní kí n lọ jókòó jẹ́jẹ́ sílé ni. Kàkà bẹ́ẹ̀, ó dìde, ó dì mọ́ mi. Lọ́jọ́ kejì, ó fi àpò gààrí kan àti ìwé tuntun mẹ́ta ránṣẹ́ sí mi. Ara fu mí. Ọkùnrin tí kò fún mi ní nǹkan kan nígbà tí mo fẹ̀yìn tì lẹ́nu iṣẹ́ ló wá ń gbé gààrí wá nítorí ìtàn?

"Ọmọ ẹ̀gbọ́n mi," ó ní, "kọ ọ́ dáadáa o. Kọ kànga, kọ mọ́ṣáláṣí, kọ igi àgbálùmọ̀. Ṣùgbọ́n má gbàgbé pẹ̀rẹ̀gún."

Ìgbà yẹn ni mo rí ìdí gààrí.

Lágbègbè wa, pẹ̀rẹ̀gún la fi ń pààlà ilẹ̀. Wọn kì í fà á tu. Ẹni tí wọ́n bá ká mọ́ ìdí rẹ̀ pẹ̀lú àdá á ṣàlàyé títí ẹnu rẹ̀ á fi gbẹ. Bí ọ̀rọ̀ ilẹ̀ bá sì dé kóòtù, ohun tí lọ́yà máa kọ́kọ́ béèrè ni ibi tí pẹ̀rẹ̀gún wà. Ìwé lè sọnù, àwọn àgbà lè kú tán, ṣùgbọ́n ibi tí pẹ̀rẹ̀gún bá tò sí, ibẹ̀ ni ààlà, ọ̀rọ̀ parí.

Ìlà pẹ̀rẹ̀gún kan wà lẹ́yìnkùlé wa tó lọ títí dé àbàtà. Láàárín ilé wa àti ìlà yìí, ilé oníyàrá méjì kan wà tí kì í ṣe tiwa. Ìyá àgbàlagbà kan tó jẹ́ opó ló ń gbé ibẹ̀. Ọmọ rẹ̀ ọkùnrin, wẹ́dà tó ń jó géètì fún àwọn ará ẹ́sítéètì, kọ́ ilé tirẹ̀ sí òdìkejì ìlà náà. Láti kékeré ni mo ti ń gbọ́ nínú ilé wa pé ọkọ ìyá yìí ló fi agídí kọ́lé sórí ilẹ̀ wa, pé àánú wọn ló ṣe bàbá mi tó fi jẹ́ kí wọ́n máa gbé ibẹ̀. Bàbá mi ni akọ̀wé abúlé nígbà náà, torí òun nìkan ló mọ̀wé láàárín wọn. Ìwé rẹ̀ wà lọ́wọ́ mi dòní. Ó kọ ọ́ síbẹ̀ pẹ̀lú lẹ́tà rẹ̀ tó gún régé: Ilẹ̀ wa dé ìdí pẹ̀rẹ̀gún.

Ní báyìí, àwọn oní-ẹ́sítéètì kan fẹ́ ra ilẹ̀ ẹ̀yìnkùlé yẹn, Baálẹ̀ sì ti ṣe tán láti tà á. Ohun kan ṣoṣo tó dí wọn lọ́wọ́ ni wẹ́dà yìí, tó ń pariwo káàkiri pé orí ilẹ̀ àwọn ni ilé ìyá òun wà. Baálẹ̀ mú ọjọ́ Sátidé kan. Mo máa ka ìtàn mi sétí gbogbo abúlé lábẹ́ igi àgbálùmọ̀, àwọn oní-ẹ́sítéètì á wà níjókòó, tí mo bá sì ti ka ibi pẹ̀rẹ̀gún tán, wọ́n á fọwọ́ síwèé. Ilé ìyá yẹn ni katakata máa kọ́kọ́ wó. Kí n má purọ́, kò fi bẹ́ẹ̀ dùn mí. Mo gbà pé ilẹ̀ wa ni.

Bí mo ṣe bẹ̀rẹ̀ sí í ti ojúlé kan bọ́ sí òmíràn nìyẹn, tèmi ti ìwé àti bírò. Gbogbo abúlé ló fura sí mi. Ibi tí mo bá yà sí, wọ́n á ní kí n kọ́kọ́ pa fóònù mi. Obìnrin kan tí a jọ ṣeré dàgbà bi mí bóyá ìjọba ló rán mi. Bàbá kan mú mi lọ sẹ́yìn ilé, ó wo ọ̀tún, ó wo òsì, ó ní bàbá òun ló gbẹ́ kànga àárín abúlé, ṣùgbọ́n kí n má kọ orúkọ òun. Mo ní báwo ni mo ṣe máa kọ bàbá rẹ̀ tí mi ò ní kọ òun? Ó ní kí n lọ ronú sí i, ṣebí tíṣà ni mí. Nílé kejì, obìnrin kan fi Kùránì búra fún mi pé bàbá ìyá òun ló gbẹ́ kànga kan náà, pé bàbá ẹni tó wà lójúlé yẹn kàn bá wọn fa okùn ni. Mo kọ méjèèjì. Mo pààlà sáàárín wọn pẹ̀lú rúlà kí wọ́n má bàa jà nínú ìwé.

Lèmọ́mù nìkan ni kò fi nǹkan kan pa mọ́. Ó sọ fún mi bí wọ́n ṣe ru páànù mọ́ṣáláṣí lórí láti ibùdókọ̀ ojú irin ní Ìfọ̀, bí ìjì ṣe ká òrùlé kìíní lọ, bí wọ́n ṣe tún lọ ru òmíràn. Mo gbádùn ọ̀rọ̀ náà débi pé mo gbàgbé láti kọ ìdajì rẹ̀. Ṣùgbọ́n nígbà tí mo dìde, òun náà ní kí n ka ohun tí mo kọ sétí òun lẹ́ẹ̀mejì.

Mi ò bá wọn wí, torí èmi náà ò fọkàn tán ẹnikẹ́ni. Inú àpò ìrẹsì ni mò ń fi ìwé mi pa mọ́ sí. Ẹni tí mo fura sí jù ni wẹ́dà. Láàárọ̀ ọjọ́ kan, ó dé sẹ́nu ọ̀nà mi pẹ̀lú àpò irinṣẹ́ rẹ̀, ó dọ̀bálẹ̀.

"Ẹ káàárọ̀ mà, Tíṣà. Mo rí i pé ilẹ̀kùn kíṣìnnì yín ti ń wọ́ nílẹ̀. Ẹ jẹ́ kí n bá yín tún un ṣe."

"Ta ló rán ọ?"

"Kò sẹ́ni tó rán mi, mà. Free ni."

Mo jẹ́ kó ṣe é, ṣùgbọ́n mo jókòó tì í. Bó ṣe ń kan ìṣó ló ń fojú wo orí tábìlì. "Tíṣà, ibo lẹ kọ̀wé dé?" Mo ní mo ń kọ ọ́ lọ. "Ṣé ẹ ti kọ ti màmá mi?" Mo ní màmá rẹ̀ ò sọ̀rọ̀. Mo mú atẹ tí mo fi ń fẹ́ ẹ̀wà, mo fi bo ìwé náà mọ́lẹ̀ níṣojú rẹ̀. Ojú tì í, ó kó irinṣẹ́ rẹ̀ lọ. Ilẹ̀kùn náà ti ń pa dé dáadáa, inú mi ò sì dùn sí i.

Lóòótọ́ ni mo ti lọ bá ìyá náà lẹ́ẹ̀mejì. Lọ́jọ́ àkọ́kọ́, ó ń bó ẹ̀gúsí. Ó béèrè ọmọ mi, ó béèrè orúnkún mi tó ń dùn mí, ṣùgbọ́n nígbà tí mo dárúkọ pẹ̀rẹ̀gún, ó ní oòrùn ọjọ́ náà mú ju ti àná lọ. Nígbà tí mo padà lọ, ó ní ọ̀fun òun gbẹ, ó ní kí n bá òun bu omi. Ọkàn mi wá balẹ̀ pátápátá. Ọmọ tí kò bá mọ ìdáhùn ló máa ń tọrọ omi nínú ìdánwò. Mo padà sílé, mo kọ ibi pẹ̀rẹ̀gún sínú ìwé mi gẹ́gẹ́ bí bàbá mi ṣe kọ ọ́.

Ohun tó mú mi padà lọ nígbà kẹta ni pé mi ò fẹ́ kí ẹnikẹ́ni sọ pé mi ò fún un láyè kó sọ tẹnu rẹ̀. Ọjọ́bọ̀ ni, ọ̀túnla ni ìpàdé. Ó tún bẹ̀rẹ̀ sí í sọ̀rọ̀ oòrùn, ni inú bá bí mi.

"Ìyá, ẹ jọ̀ọ́. Lọ́túnla ni mo máa kà á. Bí ẹ ò bá sọ nǹkan kan, ohun tó wà nínú ìwé bàbá mi ni mo máa kà, wọ́n á sì wó ilé yìí."

Ó gbé abọ́ ẹ̀gúsí sílẹ̀.

"Ohun tí o mọ̀ lo ń bi mí," ó ní.

"Kí ni mo mọ̀?"

"Ìwọ lo gbé e. Aṣọ iléèwé rẹ aláwọ̀ búlúù ló wà lọ́rùn rẹ. Ewé lo fi ṣe òṣùká. Bàbá rẹ ń gbẹ́ ihò, ìwọ ń na ọ̀pá pẹ̀rẹ̀gún sí i lọ́kọ̀ọ̀kan. Ẹ̀yin méjèèjì gba ẹ̀yìn ilé mi yìí kọjá, ẹ lọ títí dé àbàtà. Ẹnu ọ̀nà yìí ni mo dúró sí, mo pọn èyí tó ń jó irin yẹn. O tiẹ̀ kí mi. O ní, 'Ẹ kú ilé o, mà.' Mo sì dá ọ lóhùn."

Mo ní kí ló dé tí kò pariwo nígbà náà.

"Ta ni mo máa pariwo fún? Ọkọ mi wà ní Ìfọ̀ lẹ́nu iṣẹ́ rélùwéè. Akọ̀wé abúlé ni bàbá rẹ. Nígbà tí ọkọ mi fi máa dé lópin oṣù, gbogbo rẹ̀ ti rúwé. Ta ló máa bá pẹ̀rẹ̀gún jiyàn?"

Mo mọ ọjọ́ náà. Mo mọ̀ ọ́n dáadáa, torí kò sí ọjọ́ tí mo fẹ́ràn tó o ní gbogbo ìgbà èwe mi. Bàbá mi kì í mú ọmọbìnrin dání lọ síbi iṣẹ́. Àwọn ẹ̀gbọ́n mi ọkùnrin ló máa ń pè. Ṣùgbọ́n lọ́jọ́ yẹn, ó fi wọ́n sílẹ̀, ó pè mí. Ó ń fi mí ṣe yẹ̀yẹ́, ó ń pè mí ní kọ́ńdọ́, pé kí n ka pẹ̀rẹ̀gún náà bí ẹni tó ń ka èrò ọkọ̀. Nígbà tí a ṣe tán, ó mú mi dé Ìbàfo lọ wo àwọn katakata tó ń la ọ̀nà márosẹ̀ nígbà náà, ó sì ra ọtí ẹlẹ́rìndòdò fún mi. Èmi nìkan ni mo mu ìgò kan. Ọjọ́ Jímọ̀ ni. Ọ̀sán Jímọ̀, nígbà tí gbogbo ọkùnrin abúlé wà ní mọ́ṣáláṣí.

Gbogbo ayé mi ni mo fi rò pé ó mú mi dání nítorí pé ó fẹ́ràn mi. Ní báyìí, mo rí i pé àwọn ẹ̀gbọ́n mi ti dàgbà tó láti béèrè ohun tí wọ́n ń ṣe, àti pé kò sẹ́ni tó máa fura sí ọmọbìnrin tó ru ewéko. Ó dùn mí dọ́kàn. Ó ṣì ń dùn mí.

Ṣùgbọ́n èèyàn tí mo jẹ́ kò kàn lè gba ọ̀rọ̀ gbọ́ bẹ́ẹ̀. Mo ní bóyá ẹnì kan ló kọ́ ìyá náà ní ohun tó máa sọ. Mo délé, mo tú ìwé bàbá mi láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin. Gbogbo ààlà tó wà nínú abúlé ló kọ síbẹ̀, ó sì kọ orúkọ àwọn tó dúró níbẹ̀ nígbà tí wọ́n ń gbin pẹ̀rẹ̀gún, méjì-méjì, mẹ́ta-mẹ́ta. Ti ẹ̀yìnkùlé wa nìkan ni kò ní ẹlẹ́rìí. Mo ti ka ojú ìwé yẹn ju ogún ìgbà lọ. Mo jáde lọ sẹ́yìn kíṣìnnì. Pẹ̀rẹ̀gún kan dá wà níbẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ balùwẹ̀, èyí tí a máa ń fi kànìnkànìn kọ́ sí lára láti ọjọ́ tí mo ti dáyé. Mo fi ìgbésẹ̀ wọn ibẹ̀ lọ sápá àbàtà, mo sì rí òmíràn tó hù láàárín pàǹtí, tẹ́ẹ́rẹ́, lórí ìlà kan náà. Àwọn tí bàbá mi kò fà tu tán ni. Ibi tí ààlà wà gan-an nìyẹn, ilé ìyá náà sì wà ní òdìkejì rẹ̀ láìkù síbì kan. Èmi tí mo ti lé ọmọ ọlọ́mọ jáde nínú gbọ̀ngàn ìdánwò nítorí pépà kékeré!

Ní Jímọ̀, mo ronú láti ìdájí. Mo ní mo lè fo ibi pẹ̀rẹ̀gún. Ìtàn ṣáà ni, kò pọn dandan kéèyàn ka gbogbo rẹ̀. Bàbá mi ti kú, kò lè gbèjà ara rẹ̀, orúkọ rere ló sì fi sílẹ̀. Ṣùgbọ́n mo mọ̀ pé tí mo bá fò ó, Baálẹ̀ á fẹnu ara rẹ̀ sọ ọ́, gbogbo èèyàn á sì sọ pé Tíṣà jókòó níbẹ̀, kò jiyàn.

Lọ́jọ́ Sátidé, abẹ́ igi àgbálùmọ̀ kún. Àwọn oní-ẹ́sítéètì mẹ́ta jókòó sórí àga aláràbarà pẹ̀lú fáìlì wọn. Wẹ́dà dúró lẹ́yìn pátápátá, ó ká apá mọ́ra. Màmá rẹ̀ ò wá. Mo ka kànga, àwọn ìdílé méjèèjì sì bẹ̀rẹ̀ sí í kùn lẹ́ẹ̀kan náà. Mo ka mọ́ṣáláṣí, Lèmọ́mù ń mi orí. Mo wá dé ibi tí Baálẹ̀ ń dúró dè.

"Pẹ̀rẹ̀gún tó wà lẹ́yìnkùlé wa kì í ṣe ààlà," mo kà. "Bàbá mi ló gbìn ín síbẹ̀ ní ọ̀sán Jímọ̀ kan tí àwọn ọkùnrin wà ní mọ́ṣáláṣí. Èmi ni mo gbé e fún un. Ààlà gan-an wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ balùwẹ̀ wa. Ilé ìyá yẹn ò sí lórí ilẹ̀ wa, kò sì fìgbà kan wà níbẹ̀."

Mo gbójú sókè wo Baálẹ̀. Ẹni tí nǹkan bá yà lẹ́nu máa ń la ẹnu ni. Òun ò la ẹnu. Ńṣe ló ń wo ẹsẹ̀ ara rẹ̀, mo sì mọ̀ lójú ẹsẹ̀ pé ó ti mọ̀ ọ́n tipẹ́.

"Ó ti rẹ̀ ẹ́," ó sọ fún àwọn oní-ẹ́sítéètì. "Ẹ fún un lómi."

Wọ́n pa fáìlì wọn dé. Ọ̀kan nínú wọn ní àwọn ò ra ilẹ̀ tó ní wàhálà, wọ́n sì wọ mọ́tò wọn lọ. Baálẹ̀ ní mo ti da ẹrẹ̀ sórí òkú bàbá mi, pé kí n má tún yà sílé òun. Mo retí pé wẹ́dà nìkan ni inú rẹ̀ máa dùn sí mi. Ó gba àárín èrò kọjá wá bá mi.

"Tíṣà," ó ní, "kí lẹ fẹ́ gbà lọ́wọ́ wa?"

"Mi ò fẹ́ gba nǹkan kan."

"Abeg, mà. Ìdílé yín ò ṣe nǹkan fún wa rí lásán. Ta ló rán yín?"

Bí èmi bá wà níbi tó wà, ohun tí mo máa béèrè náà nìyẹn.

Láàárọ̀ ọjọ́ Ajé, mo mú àdá àti ọkọ́, mo lọ sídìí pẹ̀rẹ̀gún àkọ́kọ́. Mo ní bó bá ṣì wà nílẹ̀ nígbà tí mo bá kú, ẹnì kan á tún fi jẹ́rìí lọ́jọ́ kan. Ó ti ki bí itan èèyàn, gbòǹgbò rẹ̀ ò sì gbọ́ tọkọ́. Mo gbẹ́ ìdí rẹ̀ yíká, mo fi gbogbo ara fà á, ó ṣubú. Mo bọ́ sórí èkejì. Nígbà tí mo nà ró láti mí, mo rí wẹ́dà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ògiri ilé màmá rẹ̀. Kò kí mi, kò sì wá ràn mí lọ́wọ́. Ó na fóònù rẹ̀ sí mi, ó ń ká fídíò mi sílẹ̀, nítorí ọjọ́ tí ìdílé wa máa tún yí ọ̀rọ̀ padà.

Mo ní kó sún mọ́ mi dáadáa, kí ojú mi lè hàn.